Ẹ̀jẹ́ tí Ìlú Jẹ́ fún Jagunjagun: Owó Iṣẹ́ Ogun, Ohun tí Ń Pe Ọmọ Wọ̀ ọ́ àti Ohun tí Ń Mú Un Dúró

Ìjúbà

Ìbà Olódùmarè. Ìbà Ọ̀rúnmìlà, Bara Àgbọnnìrègún, ẹlẹ́rìí ìpín. Ìbà Ògún, tí ó lànà kí àwọn òrìṣà yòókù tó rí ọ̀nà gbà. Ìbà ẹ̀yin ìyá wa. Ìbà àwọn alálẹ̀ ilẹ̀ Àkókó, ẹ̀yin tí ẹ fi orí òkè ṣe odi nígbà tí ogun kò jẹ́ kí pẹ̀tẹ́lẹ̀ ṣeé gbé. Kí ìbà mi ṣẹ.

  

Ó lè ya ẹlòmíràn lẹ́nu pé ọ̀rọ̀ owó oṣù ológun ni a gbé wá sí ibi ọdún Ifá. Kò yẹ kí ó yà wá lẹ́nu. Nígbà tí ọmọ bá sọ pé iṣẹ́ sójà ni òun fẹ́ ṣe, ọ̀pọ̀ ìyá kì í kọ́kọ́ lọ sí ọ́fíìsì kankan. Iwájú ọpọ́n ni ìyá ń gbé ọ̀rọ̀ náà wá. Ohun tí ó sì ń béèrè ju ẹyọ kan lọ. Ó ń béèrè bóyá ọmọ yóò bọ̀. Ó tún ń béèrè, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹnu rẹ̀ lè má sọ ọ́ jáde, pé bí ọmọ kò bá bọ̀, ta ni yóò tọ́jú àwọn tí ó fi sílẹ̀?

Ìbéèrè kejì yìí ni ìdánilẹ́kọ̀ọ́ wa tòní dá lé. Ohun kan ṣoṣo ni mo fẹ́ kí a mú lọ sílé: owó ni ó ń pe ọmọ wọ iṣẹ́ ogun, ṣùgbọ́n ìlérí tí a mú ṣẹ ni ó ń mú un dúró níbẹ̀. Àwa tí a ń bọ òrìṣà mọ ohun tí à ń pè ní ẹ̀jẹ́. Bí ẹnì kan bá jẹ́ ẹ̀jẹ́ níwájú ojúbọ, tí ire rẹ̀ dé tí kò sì san ẹ̀jẹ́ náà, gbogbo wa ni a mọ̀ pé ọ̀rọ̀ kò tí ì tán. Ìlú tí ó rán ọmọ lójú ogun ti jẹ́ ẹ̀jẹ́. Ẹ jẹ́ kí a wo bí a ti ń san ẹ̀jẹ́ yìí láti ayé àwọn baba wa títí di òní.

Nígbà tí ìkógun jẹ́ owó iṣẹ́

Ní ilẹ̀ Yorùbá ní nǹkan bí igba ọdún sẹ́yìn, kò sí ohun tí à ń pè ní owó oṣù ológun. Ọ̀nà méjì ni jagunjagun fi ń jẹun.

Ọ̀nà kìn-ín-ní ni ti àwọn ìlú kéékèèké bíi tiwa. Ọdẹ àti ọ̀dọ́ ìlú ni ó ń dìde nígbà tí ewu bá dé. Oko olúkúlùkù ni ó ń bọ́ ọ, ìbọn tàbí ọfà baba rẹ̀ ni ó sì ń gbé. Nígbà tí àwọn ẹlẹ́ṣin Tápà ń ti apá àríwá ṣígun wá, tí wọ́n ń kó ọmọ ènìyàn lẹ́rú ní ilẹ̀ Àkókó, àwọn baba wa gun orí òkè lọ, wọ́n sì ń ti ibẹ̀ jà. Owó iṣẹ́ wọn ni pé a kò rí ìyàwó àti ọmọ wọn kó lọ. Owó ńlá ni èyí. Ṣùgbọ́n ó ní ibi tí ó mọ: ẹni tí oko rẹ̀ ń bọ́ kò lè pẹ́ ní àgọ́ ogun. Bí òjò àkọ́rọ̀ bá rọ̀, ebè ń pè é.

Ọ̀nà kejì ni ti Ìbàdàn. Àgọ́ ogun ni Ìbàdàn kí ó tó di ìlú, ní nǹkan bí 1829. Ibẹ̀ ni iṣẹ́ ogun ti di iṣẹ́ tí ènìyàn lè fi gbogbo ayé rẹ̀ ṣe. Ọ̀dọ́mọkùnrin á wá sí agbo ilé olóyè ogun kan. Olóyè náà á bọ́ ọ, á fún un ní ìbọn àti ẹ̀tù, á sì dúró fún un nígbà ìṣòro. Nígbà tí wọ́n bá ṣẹ́gun, ọmọ ogun àti olóyè á pín ẹrù àti ẹrú tí wọ́n kó. Ohun mìíràn tún wà tí ó dùn mọ́ ọmọ ogun ju ìkógun lọ: oyè Ìbàdàn kì í ṣe oyè ìdílé. Ẹni tí kò ní baba olóyè lè fi akin rẹ̀ gòkè títí yóò fi di Balógun. Ìdí nìyí tí àwọn ọ̀dọ́ fi ń ti ìlú púpọ̀ wá sí Ìbàdàn, tí ènìyàn kò sì fi wọ́n wọn.

Ẹ jẹ́ kí a wo àléébù tí ó wà nínú ètò yìí. Bí ìkógun bá jẹ́ owó iṣẹ́, ogun kò gbọdọ̀ parí. Ọdún tí kò bá sí ogun ni ọdún tí kò sí owó. Ọmọ ẹlòmíràn ni wọ́n sì ń mú san owó ọmọ ogun náà. Ojú ilẹ̀ Èkìtì àti Àkókó rí i.

Ẹ̀tù àti ìbọn pàápàá di ọ̀rọ̀ gbèsè. Ẹfúnṣetán Aníwúrà, Ìyálóde Ìbàdàn, jẹ́ oníṣòwò ńlá tí ó máa ń fún àwọn olóyè ogun ní ẹ̀tù àti ìbọn láwìn. Nígbà tí gbèsè pọ̀ tí kò rí owó gbà, ó fà sẹ́yìn. Lára ẹ̀sùn tí Ààrẹ Látòósà fi kàn án ní 1874 ni pé kò fi nǹkan ránṣẹ́ sí òun lójú ogun. Wọ́n gba oyè lọ́wọ́ rẹ̀, ọdún náà kò sì parí tí wọ́n fi pa á. Ẹni tí ó ń ná owó lé ogun lórí ni ogun náà gbé mì.

Ogun Kírìjì ni ó fi òpin ètò yìí hàn. Ó bẹ̀rẹ̀ ní 1877. Ìbàdàn àti Èkìtì Parapọ̀ dojú kọ ara wọn lórí òkè, kò sí ẹni tí ó lè tì èkejì, nítorí náà ìkógun kò sí. Látòósà kú sí àgọ́ ní 1885. Wọ́n tọwọ́ bọ ìwé àlàáfíà ní 1886, síbẹ̀ ó di 1893 kí àgọ́ tó tú pátápátá. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ǹgbé ti Iléṣà, akọni tí ó ṣáájú Èkìtì Parapọ̀, padà sílé pẹ̀lú àwọn ọmọ ogun tí kò mọ iṣẹ́ mìíràn ju ogun lọ. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi agbára gba ohun ìní àwọn ènìyàn. Ní 1894, àwọn Òyìnbó tìtorí èyí mú Ọ̀gẹ̀dẹ̀ǹgbé fúnra rẹ̀. Ẹ̀kọ́ ńlá ni. Ogun parí, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó ti ronú ohun tí jagunjagun yóò jẹ lẹ́yìn ogun.

Nígbà tí owó oṣù dé

Òyìnbó gba Èkó ní 1861. Láàárín ọdún díẹ̀, John Glover, ẹni tí àwọn ará Èkó ń pè ní Gọ̀lóbà, kó àwọn ọmọ ogun kan jọ tí wọ́n di mímọ̀ sí Haúsá Gọ̀lóbà. Ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ ẹrú tí ó sá kúrò lọ́dọ̀ olówó wọn ní ilẹ̀ Yorùbá. Kí ni ó pè wọ́n? Owó wà níbẹ̀, aṣọ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n òmìnira ni ó ju gbogbo rẹ̀ lọ. Ẹrú tí ó bá ti wọ aṣọ ológun Èkó, olówó rẹ̀ kò lè mú un padà mọ́. Inú bí àwọn Ẹ̀gbá àti àwọn mìíràn nítorí ọ̀rọ̀ yìí gidigidi. Ẹ kíyè sí i pé láti ìbẹ̀rẹ̀ ni èrè iṣẹ́ ológun ti ju owó lọ. Ipò tí ó ń fún ènìyàn láwùjọ wà lára owó iṣẹ́ náà.

Ní oṣù Kìíní 1897, ọmọ ogun bí 500 tí Ilé-iṣẹ́ Ọba ti Odò Ọya ń san owó fún ṣẹ́gun Bídá. Láti ìgbà náà ni agbára Tápà lórí ilẹ̀ Àkókó ti wó. Àwọn ẹlẹ́ṣin tí ó lé àwọn baba wa sórí òkè ni àwọn ọmọ ogun díẹ̀ tí wọ́n ń gba owó déédéé borí. Ìbọn wọn dára lóòótọ́, wọ́n sì ní àgbá. Ṣùgbọ́n ó tún jẹ́ pé ọkàn wọn kò sí lóko, kò sì sí lórí ìkógun. Wọ́n dúró sí ibi tí a fi wọ́n sí.

Owó oṣù wáá sọ ọ̀rọ̀ náà di tuntun. Jagunjagun kò gba ìpín rẹ̀ lójú ogun mọ́. Ó gbà díẹ̀ lónìí, ó sì gba ìlérí fún ọ̀la: pé bí o bá fara pa, a ó tọ́jú rẹ, bí o bá dàgbà, a ó máa fún ọ lówó, bí o bá kú, a ó wo ìdílé rẹ. Ẹ̀jẹ́ nìyẹn.

Nígbà tí a da ìlérí

Nígbà Ogun Hítílà, ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọmọ Nàìjíríà wà nínú ẹgbẹ́ ọmọ ogun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà kọkànlélọ́gọ́rin àti ìkejìlélọ́gọ́rin tí wọ́n bá àwọn ará Japan jà ní Bọ́mà. Àwọn ọmọ ilẹ̀ tí Faransé ń ṣàkóso náà jà, títí kan àwọn ará Dàhọ́mì, níbi tí àwọn ìbátan wa ń gbé. Ẹ jẹ́ kí a wo ohun mẹ́ta tí ó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà.

Ní ọjọ́ 1 oṣù Kejìlá 1944, ní Thiaroye lẹ́bàá Dakar, àwọn ọmọ ogun Áfíríkà tí wọ́n ti wà ní ìgbèkùn Jámánì béèrè owó tí ìjọba Faransé jẹ wọ́n kí wọ́n tó padà sílé. Ìbọn ni wọ́n fi dá wọn lóhùn. Ìjọba náà kọ́kọ́ kà á sí 35 tí ó kú. Ọ̀pọ̀ òpìtàn gbà pé wọ́n jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ní ọjọ́ 28 oṣù Kejì 1948, àwọn ajagunfẹ̀yìntì ní Accra tò lọ́wọ̀ọ̀wọ́ láti lọ fún gómìnà ní ìwé ẹ̀bẹ̀ nípa owó ìfẹ̀yìntì àti ìlérí tí wọ́n ṣe fún wọn. Wọ́n yìnbọn lù wọ́n lọ́nà, mẹ́ta sì kú. Ìlú gbaná. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé ọjọ́ náà wà lára ohun tí ó mú òmìnira Ghana yá.

Ẹ̀kẹta ṣẹlẹ̀ nítòsí wa ní Tógò. Àwọn ọmọ Tógò tí wọ́n ti bá Faransé jagun padà sílé, wọ́n sì béèrè pé kí a gbà wọ́n sínú iṣẹ́ ológun orílẹ̀-èdè tuntun náà. Ààrẹ Sylvanus Olympio kọ̀. Ó ní orílẹ̀-èdè kékeré kò lè ru irú ẹrù bẹ́ẹ̀. Ó ní ìdí tirẹ̀, nítorí owó ilé-ìwé àti ilé-ìwòsàn ni à bá mú bọ́ wọn. Ṣùgbọ́n kò sí ọ̀nà mìíràn tí a là sílẹ̀ fún àwọn ọkùnrin tí a ti kọ́ ní ìbọn yíyìn. Ní ọjọ́ 13 oṣù Kìíní 1963, wọ́n pa á.

N kò sọ èyí láti gbe apànìyàn lẹ́sẹ̀. Èèwọ̀ ni. Mo sọ ọ́ kí a lè rí i pé gbèsè tí a jẹ jagunjagun kò dà bí gbèsè tí a jẹ aláṣọ. Bí kò bá mú ìjà wá, á mú ìbínú wá. Bí kò bá mú ìbínú wá, á mú kí ọmọ tí ń bọ̀ lẹ́yìn kọ iṣẹ́ náà.

Ológun Nàìjíríà lóde òní

Kí ogun abẹ́lé tó bẹ̀rẹ̀ ní 1967, àwọn ológun wa kò ju bí 10,000 lọ. Nígbà tí ó parí ní 1970, wọ́n ti tó nǹkan bí 250,000. Láti ìgbà náà ni ọ̀rọ̀ bí a ó ṣe bọ́ wọn, bí a ó sì ṣe san owó àwọn tí ó fẹ̀yìn tì ti wà lọ́rùn ìjọba àpapọ̀.

Ẹ jẹ́ kí a sọ òtítọ́: ẹ̀bùn tí ó wà nínú iṣẹ́ náà kò kéré. Lórí owó oṣù, owó àjẹmọ́nú wà fún ẹni tí ó wà lójú ogun. Ilé wà ní bárékè, ilé-ìwòsàn wà. Ilé-ẹ̀kọ́ ológun fún àwọn ọmọdékùnrin ti wà ní Zaria láti 1954. Ní 2011, ìjọba yọ àwọn ológun kúrò nínú ètò tí òṣìṣẹ́ ti ń dá owó ìfẹ̀yìntì jọ fúnra rẹ̀, àpò ìjọba ni owó tiwọn sì ti ń wá. Àwọn ọlọ́pàá ṣì wà nínú ètò dídá yẹn ní 2025, àwọn tí ó ti fẹ̀yìn tì nínú wọn sì wọ́de ní Àbújá lọ́dún náà pé kí a yọ àwọn náà.

Kí ló dé tí àwọn kan fi ń fi iṣẹ́ ológun sílẹ̀ nígbà náà? Ní oṣù Keje 2020, àwọn ìwé ìròyìn gbé e jáde pé 356 nínú àwọn sójà kọ̀wé pé àwọn fẹ́ fẹ̀yìn tì nítorí pé iṣẹ́ náà kò wu àwọn mọ́. Àwọn 24 mìíràn ní oyè ìlú àwọn ni àwọn fẹ́ lọ jẹ. Ẹ má fi ti àwọn 24 yìí ṣe ẹ̀rín. Ọlá jẹ́ owó iṣẹ́. Nítòsí wa níhìn-ín, ní Ìdóàní, ọ̀gágun àgbà tí ó fẹ̀yìn tì, Olúfẹ́mi Olútóyè, ni ó gun orí ìtẹ́ àwọn baba rẹ̀. Ọmọ ogun tí ìlú rẹ̀ bu ọlá fún mọ̀ pé ẹ̀jẹ̀ tí òun fi wewu kò ṣòfò.

Ti àwọn 356 ni ó yẹ kí ó gbà wá lọ́kàn. Kí ọkàn jagunjagun tó kúrò lára iṣẹ́ rẹ̀, ohun púpọ̀ ni ó ti kó jọ: pípẹ́ lójú ogun láìrí ilé, owó tí ọjà ti jẹ ìdajì rẹ̀ kí ó tó dé ọwọ́ ìyàwó, àti irinṣẹ́ tí kò tó. Ní oṣù Kejìlá 2014, ilé-ẹjọ́ ológun dájọ́ ikú fún sójà 54 tí wọ́n kọ̀ láti lọ gba ìlú padà lọ́wọ́ Boko Haram. Àwọn tí ó gbèjà wọn ní ohun ìjà kò tó lọ́wọ́ wọn. Lẹ́yìn ọdún kan, wọ́n sọ ìdájọ́ náà di ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́wàá. Ìbọn rere pẹ̀lú wà lára owó iṣẹ́. Ẹni tí a kò fún ní ohun tí yóò fi bọ̀ láàyè, owó oṣù wo ni a san fún un?

Ohun kan tún wà tí kò hàn nínú ìwé ìṣirò ìjọba. Ẹni tí ń gba ọ̀dọ́ sínú iṣẹ́ ológun gan-an kì í ṣe ọ̀gágun tí ó wà ní Àbújá. Sójà àtijọ́ tí ó wà ládùúgbò ni. Bí àwọn ọmọ bá rí i pé ó kọ́lé, pé ọmọ rẹ̀ ń lọ sí ilé-ẹ̀kọ́, pé owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀ ń wọlé, wọ́n á béèrè ibi tí wọ́n ti ń gba fọ́ọ̀mù. Bí wọ́n bá rí i pé ẹnu ọ̀nà bánkì ni ó ń ṣọ́ ní ọjọ́ ogbó, tàbí pé ó ń bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ jókòó sí iwájú ilé-iṣẹ́ ìjọba ní Àbújá láti béèrè owó tí a jẹ wọ́n, ẹ̀kọ́ mìíràn ni wọ́n ń kọ́ yẹn. Sójà tí ó ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́ náà ń wò ó. Pàṣán tí a fi na ìyáálé, ó wà lórí àjà fún ìyàwó.

Àwọn tí ń ṣọ́ wa nílé

Bí ọ̀rọ̀ sójà bá jẹ́ ti ìjọba àpapọ̀, ti àwọn tí ń ṣọ́ igbó àti ọ̀nà wa ńkọ́? Ọjọ́ 9 oṣù Kìíní 2020 ni wọ́n ṣí Àmọ̀tẹ́kùn ní Ìbàdàn, òfin tirẹ̀ sì dé ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó lọ́dún kan náà. Ní ọjọ́ 5 oṣù Kẹfà 2022, wọ́n pa ènìyàn tí ó ju 40 lọ nínú ṣọ́ọ̀ṣì ní Ọ̀wọ̀. Láti ọjọ́ náà, kò sí ẹni tí ó ń ti Ìkàrẹ́ tàbí Ọ̀kà lọ sí Ọ̀wọ̀ tí kò mọ iye tí ẹni tí ń ṣọ́ ọ̀nà tó.

Àwọn Àmọ̀tẹ́kùn ní owó oṣù lọ́dọ̀ ìjọba ìpínlẹ̀. Ṣùgbọ́n ọdẹ àdúgbò, owó ọdẹ tí à ń dá ní ilé kọ̀ọ̀kan ni tirẹ̀. Ilé mélòó ni ó ń san án lọ́jọ́ tí ó yẹ? Bí ọdẹ bá bọ́ sọ́wọ́ ọ̀tá nínú igbó, sójà ní àjọ tí ń san owó ìfẹ̀yìntì àti ti olóògbé. Àwa ni àjọ tí ọdẹ ní. Bí a bá ní kí ìfẹ́ ìlú nìkan tó o, ẹ jẹ́ kí a rántí pé ìfẹ́ ìlú kì í se ọbẹ̀. Bí a bá sì ní owó nìkan ni, ẹ jẹ́ kí a rántí Kírìjì: ẹni tí ó jà nítorí ohun tí yóò rí kó nìkan, kò mọ ìgbà tí ó yẹ kí ó sọ ìbọn kalẹ̀.

Nítorí náà, ohun mẹ́ta ni mo gbé síwájú ẹgbẹ́ wa.

Èkíní, kí ilé awo kọ̀ọ̀kan jẹ́ àkọ́kọ́ nínú sísan owó ọdẹ ládùúgbò rẹ̀. Babaláwo mọ̀ pé awo ní ìpín nínú ẹbọ, àti pé ẹni tí ó ṣe iṣẹ́ ibi mímọ́ kò gbọdọ̀ fi ọwọ́ òfo lọ sílé. Ohun tí a ń gbà, kí a máa fi fún ẹlòmíràn.

Èkejì, kí ẹgbẹ́ ní ìwé tí a kọ orúkọ àwọn ọmọ wa tí ó wà nínú iṣẹ́ ológun, Àmọ̀tẹ́kùn àti ọdẹ sí, pẹ̀lú orúkọ ìyàwó àti ọmọ wọn. Kí a sì dá àpò kan sílẹ̀ fún àwọn opó wọn. Ọjọ́ 15 oṣù Kìíní tí ìjọba fi ń rántí àwọn ológun tí ó kú yẹ kí ó jẹ́ ọjọ́ tí a ń ṣí àpò náà.

Ẹ̀kẹta, nígbà tí ìyá bá gbé ọ̀rọ̀ ọmọ tí ó fẹ́ wọ iṣẹ́ ológun wá sí iwájú ọpọ́n, kí awo má dákẹ́ lẹ́yìn ẹbọ. Kí ó bi ọmọ náà pé: orúkọ ta ni o kọ sínú ìwé pé kí wọ́n san owó rẹ fún bí nǹkan bá ṣẹlẹ̀? Ṣé o ti tún un ṣe láti ìgbà tí o ti gbéyàwó? Ọ̀pọ̀ ìjà láàárín opó àti mọ̀lẹ́bí ọkọ ni ìbéèrè kékeré yìí ìbá ti dá dúró. Bí ìjà náà bá sì ti bẹ̀rẹ̀, iṣẹ́ wa ni láti là á kí ó tó dé ilé-ẹjọ́.

Ìkádìí

Ẹ̀yin èèyàn mi, àwọn baba wa kò ní owó oṣù láti san, ṣùgbọ́n wọ́n mọ orúkọ ẹni tí ó dúró ní ẹnubodè. Ìdílé akọni ní ìpín nínú oúnjẹ ọdún, ní ipò nínú ìgbìmọ̀, àti ní oríkì tí a ń kì wọ́n títí di òní. Ìjọba ni yóò san ti ìjọba, a ó sì máa béèrè lọ́wọ́ wọn láìdákẹ́. Ṣùgbọ́n apá kan wà nínú ẹ̀jẹ́ náà tí ó jẹ́ ti ìlú, kò sì sí ẹlòmíràn tí yóò bá wa san án.

Kí Ògún má fi ẹ̀jẹ̀ àwọn ọmọ wa wẹ̀. Kí àwọn tí ó wà lójú ogun bọ̀ láyọ̀. Kí àwọn tí kò bọ̀ má ṣe rí ọmọ wọn nínú ìyà. Kí Ọ̀rúnmìlà fún wa ní ọgbọ́n láti san ohun tí a jẹ.

Àború, àbọyè, àbọṣíṣẹ. Ire o.